Àmì Tí Ń Fi Ohùn Pamọ́: Ọ̀rọ̀ Lórí Orin Ìjọ Bísántíọ̀mù àti Bí A Ti Ń Kọ Ọ́ Sínú Ìwé

Àwọn àgbà wa wí pé ẹyin ni ohùn. Bí ó bá balẹ̀, fífọ́ ni yóò fọ́. Ohun tí a fẹ́ fi hàn yín nínú ọ̀rọ̀ wa yìí ni bí àwọn Kristẹni kan ti sa gbogbo ipá wọn, fún ohun tí ó lé ní 1,000 ọdún, kí ẹyin náà má baà fọ́ mọ́ wọn lọ́wọ́. Àwọn ará Bísántíọ̀mù ni wọ́n, èdè Gíríìkì ni wọ́n sì ń sọ. Orin wọn kò dún bí èyí tí a ń kọ nínú ìjọ tiwa, bẹ́ẹ̀ ni ìwé orin wọn kò ní ìlà márùn-ún tàbí do, re, mi tí a fi ń kọ́ àwọn ọmọ wa. Àmì kéékèèké ni wọ́n ń tò sí orí ọ̀rọ̀, bí ipasẹ̀ ẹyẹ lórí yanrìn. Ẹni tí ó bá sì mọ̀ wọ́n kà lè kọ orin tí àwọn tí ó ti sùn ní 700 ọdún sẹ́yìn fi sílẹ̀.

Bóyá ẹnìkan nínú yín yóò béèrè pé, Èwo ni tiwa nínú èyí? A ó dá a lóhùn kí ọ̀rọ̀ wa tó parí. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a sọ èyí ná: ẹnikẹ́ni tí ó bá ti jókòó ti àgbà kan tí ń kọrin, tí ó sì mọ̀ ní ọkàn ara rẹ̀ pé bí àgbà náà bá lọ, orin náà yóò bá a lọ, ọ̀rọ̀ yìí kàn án.

1. Ìlú náà àti àwọn akọrin rẹ̀

Bísántíọ̀mù ni orúkọ àtijọ́ ìlú kan tí àwọn Gíríìkì tẹ̀ dó sí etí omi, níbi tí ilẹ̀ Yúróòpù àti ilẹ̀ Éṣíà ti fẹ́rẹ̀ẹ́ kan ara wọn. Ní ọdún 330, Constantine Ọba yà á sọ́tọ̀ láti jẹ́ olú ìlú tuntun fún ìjọba Róòmù, a sì ń pè é ní Kọnstantínópù, èyí tí í ṣe Ìlú Constantine. Ìsítáńbúùlù ni orúkọ tí ó ń jẹ́ lónìí. Àwọn ọba Kristẹni jókòó níbẹ̀ títí di ọjọ́ 29 oṣù Karùn-ún ọdún 1453, nígbà tí àwọn Tọ́kì fi ogun gbà á, àfi ìgbà kan, láti 1204 títí di 1261, tí àwọn ológun láti ìwọ̀-oòrùn Yúróòpù lé wọn jáde.

Láàrín ọdún 532 àti 537 ni Justinian Ọba kọ́ ilé ìsìn ńlá kan síbẹ̀, tí a ń pè ní Ọgbọ́n Mímọ́. Kí ẹ lè mọ bí iṣẹ́ orin ti tóbi tó nínú ilé náà, ẹ gbọ́ òfin tí ọba kan náà ṣe ní 535, nígbà tí ó rí i pé owó tí a ń san fún àwọn òṣìṣẹ́ ìjọ ti ń di ẹrù tí ó wúwo jù. Ó pàṣẹ pé wọn kò gbọdọ̀ ju 60 àlùfáà, 100 díákónì, 40 obìnrin díákónì, 90 igbákejì díákónì, 110 òǹkàwé àti 25 akọrin lọ. Bí iye wọn ti rí nìyí lẹ́yìn tí a ti dín wọn kù!

Nínú gbogbo ìsìn wọn, kò sí dùùrù, kò sí fèrè, kò sí ìlù. Ọba ní dùùrù tí a ń fọn fún un ní àwọn àjọyọ̀ ààfin, ṣùgbọ́n kò wọ ilé ìsìn. Ohùn ènìyàn nìkan ni a fi ń yin Ọlọ́run, gbogbo akọrin a sì máa kọ ohùn kan náà pọ̀, láì pín in sí ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀ bí àwọn akọrin wa ti ń ṣe. Ìgbà tí ó pẹ́ lẹ́yìn èyí ni àṣà kan gbilẹ̀ pé kí àwọn kan di ohùn ìsàlẹ̀ kan mú láìṣí i nípò, kí ẹni tí ń lé orin lè máa rìn lórí rẹ̀ bí ẹni tí ń rìn lórí ilẹ̀ líle.

Nínú àwọn tí ó dá orin sílẹ̀ fún ìjọ yìí, Romanos ni a kọ́ dárúkọ. Ará Emesa ní ilẹ̀ Síríà ni, ó sì ti ṣe díákónì ní Beirut kí ó tó wá sí Kọnstantínópù nígbà ìjọba Anastasius Ọba, tí ó jọba láti 491 títí di 518. Ìtàn ìjọ sọ pé ní òru Kérésìmesì kan, Màríà Wúndíá fara hàn án lójú àlá, ó fi ìwé kíká kan lé e lọ́wọ́, ó sì pàṣẹ pé kí ó jẹ ẹ́. Ó jẹ ẹ́, ó jí, ó gun orí àga ìwàásù, ó sì kọ orin ìbí Olúwa tí ẹnikẹ́ni kò tíì gbọ́ rí. Ìwàásù tí a fi orin ṣe ni iṣẹ́ Romanos. Ẹsẹ̀ 20 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ ni ó sábà máa ń wà nínú ọ̀kan.

Ẹ kíyè sí ohun kan nínú ìtàn yìí. Ìwé ni ó jẹ, orin ni ó ti ẹnu rẹ̀ jáde. Lónìí, ìwé náà ni ó kù sí wa lọ́wọ́. Ọ̀rọ̀ Romanos wà, a lè kà á. Ṣùgbọ́n ohùn tí ó fi kọ ọ́, ẹnikẹ́ni kò kọ ọ́ sílẹ̀ nígbà ayé rẹ̀, nítorí pé kò sí àmì tí wọn ìbá fi kọ ọ́.

2. Ìgbà tí kò sí àmì

Kì í ṣe pé ayé kò ní àmì orin rí. Àwọn Gíríìkì àtijọ́ ti mọ bí a ti ń fi lẹ́tà a, b, d dúró fún ohùn orin. Nínú erùpẹ̀ ìlú Oxyrhynchus ní Íjíbítì ni a ti rí ìwé kan tí a fi koríko odò ṣe, tí a tẹ̀ jáde fún àwọn ọ̀mọ̀wé ní 1922. Ní ojú rẹ̀ kan ni ìṣirò ọkà wà. Ní ẹ̀yìn rẹ̀ ni ẹnìkan kọ orin ìyìn sí Baba, Ọmọ àti Ẹ̀mí Mímọ́ sí, pẹ̀lú lẹ́tà orin lórí rẹ̀, ní òpin ọ̀rúndún kẹta. Òun ni orin Kristẹni tí ó pẹ́ jùlọ tí a rí pẹ̀lú ọ̀rọ̀ àti ohùn rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìmọ̀ yìí kú. Nígbà tí ó fi di ìgbà Isidore, Bíṣọ́ọ̀bù Seville ní ilẹ̀ Spéìn, ẹni tí ó kú ní 636, ó kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀ pé àfi bí ènìyàn bá há ohùn orin sórí, ṣíṣègbé ni yóò ṣègbé, nítorí pé kò ṣeé kọ sílẹ̀.

Báwo ni ìjọ náà ṣe wá mú orin rẹ̀ dúró? Ọgbọ́n méjì ni wọ́n dá. Èkínní ni pé wọn a máa kọ́ gbogbo ìjọ ní ẹsẹ̀ orin kan tí yóò jẹ́ àwòṣe. Nígbà tí ẹnìkan bá fẹ́ ṣe orin tuntun, yóò ka iye sílébù àwòṣe náà, yóò sì wo ibi tí ohùn ti tẹ ọ̀rọ̀ mọ́lẹ̀ nínú rẹ̀. Yóò wá to ọ̀rọ̀ tuntun tí ó bá a mu rẹ́gí. Bí ó ti ń kọ ọ́, ìjọ ti mọ̀ ọ́n. Àwa náà mọ ọ̀nà yìí, nítorí pé nínú ìwé orin wa ọ̀pọ̀ orin ni ó ń pín ohùn kan náà lò. Ọ̀nà yìí ni a fi ṣe orin gígùn tí a ń pè ní kanon, tí ó ní ìpín mẹ́sàn-án gẹ́gẹ́ bí àwọn orin inú Bíbélì, bí orin Mósè ní Òkun Pupa àti orin Màríà. Andrew, Bíṣọ́ọ̀bù Kírétè, ṣe kanon ìrònúpìwàdà kan tí ó ní 250 ẹsẹ̀. Jòhánù ará Dámásíkù, tí ó ṣe ajẹ́jẹ̀ẹ́ ẹ̀sìn ní ilé Mar Saba lẹ́bàá Jerúsálẹ́mù, àti Kosmas tí ó di Bíṣọ́ọ̀bù Maiuma, tún ṣe ọ̀pọ̀ ní ọ̀rúndún kẹjọ. Ní ọ̀rúndún kẹsàn-án, obìnrin kan tí ń jẹ́ Kassia, olórí ilé àwọn obìnrin ẹlẹ́sìn ní Kọnstantínópù, ṣe orin nípa obìnrin ẹlẹ́ṣẹ̀ tí ó fi òróró kun ẹsẹ̀ Jésù; títí di òní ni a ń kọ ọ́ ní Ọ̀sẹ̀ Mímọ́.

Ọgbọ́n kejì ni pé wọ́n pín gbogbo orin wọn sí ọ̀nà mẹ́jọ. Ọ̀nà kọ̀ọ̀kan ní ibi tí ó ti ń bẹ̀rẹ̀, ibi tí ó ti ń sinmi, àti ìrìn ohùn tí a fi ń dá a mọ̀, bí a ti ń dá ará ìlú kan mọ̀ nípa bí ó ti ń fọhùn. Mẹ́rin jẹ́ olórí, mẹ́rin sì tẹ̀lé wọn ní ìsàlẹ̀. Ọ̀sẹ̀ kọ̀ọ̀kan ní ọ̀nà tirẹ̀. Nígbà tí ọ̀sẹ̀ mẹ́jọ bá pé, a ó tún padà sí ti ìkínní. Báyìí ni ìjọ ń la gbogbo ọ̀nà náà kọjá léraléra nínú ọdún, kí etí má baà gbàgbé. Àwọn àtijọ́ a máa fi iṣẹ́ yìí fún Jòhánù ará Dámásíkù, ṣùgbọ́n ó dájú pé ètò ọ̀nà mẹ́jọ ti wà ṣáájú rẹ̀.

3. Àmì àkọ́kọ́, tí í ṣe ìbátan àmì tiwa

Nísinsin yìí ni a dé ibi tí ọ̀rọ̀ yìí ti kan ilé wa. Ní nǹkan bí 200 ọdún ṣáájú ìbí Olúwa, ní ìlú Alẹkisáńdríà, ọkùnrin kan wà tí ń jẹ́ Aristophanes ará Bísántíọ̀mù, olùtọ́jú ilé ìwé ńlá ìlú náà. Òun ni a sọ pé ó ṣe àmì tí a ń kọ sí orí ọ̀rọ̀ Gíríìkì, nítorí àwọn àjèjì tí ń kọ́ èdè náà. Nígbà náà, èdè Gíríìkì ní ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀. Àmì tí ó kọjú sí òkè báyìí ´ ni fún ohùn òkè, wọ́n sì ń pè é ní oxeia. Èyí tí ó kọjú sí ìsàlẹ̀ báyìí ` ni fún ohùn ìsàlẹ̀, wọ́n ń pè é ní bareia. Ẹnikẹ́ni tí ó bá ń ka ìwé yìí ti mọ àmì méjèèjì, nítorí pé wọ́n wà lórí ọ̀rọ̀ tí ó ń kà. Nígbà tí àwọn tí ó kọ́kọ́ kọ èdè Yorùbá sílẹ̀ ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún ń wá ohun tí wọn yóò fi ya ọkọ̀ sọ́tọ̀ kúrò lára ọkọ́, àmì Gíríìkì àtijọ́ wọ̀nyí ni wọ́n yá lò.

Nínú ìjọ Bísántíọ̀mù, kíka Bíbélì kì í ṣe kíkà lásán. Òǹkàwé a máa gbé ohùn sókè, a máa rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀, ní ọ̀nà tí ó wà láàrín ọ̀rọ̀ sísọ àti orin kíkọ, kí ọ̀rọ̀ lè dé ìgun ilé ńlá náà. Láti nǹkan bí ọ̀rúndún kẹjọ tàbí ìkẹsàn-án, a rí i pé àwọn akọ̀wé bẹ̀rẹ̀ sí í fi àmì sí ìbẹ̀rẹ̀ àti ìparí gbólóhùn kọ̀ọ̀kan nínú ìwé Ìhìnrere, láti sọ fún òǹkàwé bí yóò ti gbé e. Oxeia àti bareia wà nínú wọn. Àmì bí àgbélébùú kékeré sì wà tí ó ń sọ pé gbólóhùn ti parí. Àmì tí a ṣe fún ọ̀rọ̀ ti ń di àmì orin.

Láti ọ̀rúndún kẹwàá ni a rí ìwé tí àmì wà lórí gbogbo ọ̀rọ̀ orin. Ṣùgbọ́n ẹ má ṣe rò pé àmì ìgbà náà lè kọ́ ẹni tí kò mọ orin. Ó ń sọ pé kí ohùn gòkè, kò sọ bí yóò ti gòkè tó. Ó ń sọ pé kí ohùn sọ̀kalẹ̀, kò sọ ibi tí yóò dúró. Ìránnilétí ni fún ẹni tí ó ti gbọ́ ọ rí lẹ́nu olùkọ́. Irú àmì yìí ni àwọn ará Rọ́ṣíà àtijọ́ gbà nígbà tí wọ́n di Kristẹni ní 988, wọ́n sì fi ṣe ọ̀nà ìkọrin tiwọn.

4. Ara àti ẹ̀mí

Ní àárín ọ̀rúndún kejìlá ni iṣẹ́ náà wá pé. Ìwé orin kan wà ní ilé àwọn ẹlẹ́sìn ní Òkè Sínáì tí a kọ ní 1177, tí a ti lè rí ètò tuntun náà. Nínú ètò yìí, àmì kọ̀ọ̀kan ń sọ iye ìgbésẹ̀ tí ohùn yóò gbé, kò kù díẹ̀ kò lé.

Ẹ jẹ́ kí a ṣe àlàyé rẹ̀. Àmì wọn kì í sọ orúkọ ohùn bí do tàbí re. Ohun tí ó ń sọ ni bí ohùn tí ń bọ̀ ti jìnnà tó sí èyí tí ó ṣáájú rẹ̀. Ison ní kí o dúró síbi tí o wà. Oligon ní kí o gòkè ní ìgbésẹ̀ kan. Oxeia, tí a ti sọ̀rọ̀ rẹ̀, ní bákan náà, ṣùgbọ́n kí o gbé e pẹ̀lú agbára. Apostrophos ní kí o sọ̀kalẹ̀ ní ìgbésẹ̀ kan. Gbogbo àwọn tí ń rìn ní ìgbésẹ̀ kan báyìí ni a ń pè ní ara. Àwọn mìíràn wà tí ń fò: kentema fò sókè ní ìgbésẹ̀ méjì, hypsele fò sókè ní mẹ́rin, elaphron fò sísàlẹ̀ ní méjì, chamele fò sísàlẹ̀ ní mẹ́rin. Àwọn wọ̀nyí ni a ń pè ní ẹ̀mí, nítorí pé ara a máa fi ẹsẹ̀ rìn, ṣùgbọ́n ẹ̀mí a máa fò. Ẹ̀mí tí ń gòkè kì í sì dá dúró. Orí ara kan ni a ń gbé e lé. Bí ó bá ti wà níbẹ̀, a kì í ka ìgbésẹ̀ ara náà mọ́. Ẹ̀mí ń sọ ibi tí ohùn yóò dé, ara ń sọ bí a ó ti gbé e débẹ̀.

Bí a bá fi ti àwọn ọmọ wa ṣe àpẹẹrẹ, kí a ní orí re ni orin bẹ̀rẹ̀. Ison: re. Oligon: mi. Apostrophos: re. Hypsele lórí ara kan: la. Apostrophos: so. Ẹ rí i pé a ti kọ orin láì dárúkọ ohùn kan nínú rẹ̀.

Ọ̀nà yìí dára, ṣùgbọ́n ewu wà nínú rẹ̀. Níwọ̀n bí àmì kọ̀ọ̀kan ti gbára lé èyí tí ó ṣáájú, bí akọrin bá ṣì ẹyọ kan kọ, gbogbo ìyókù yóò ṣìnà pẹ̀lú rẹ̀ títí dé òpin. Nítorí náà ni wọ́n ṣe ń fi àmì ọ̀nà orin sí ìbẹ̀rẹ̀, tí akọrin yóò fi ìró bíi ananeanes wá ibùdó ohùn rẹ̀ kí ó tó ki ẹnu bọ ọ̀rọ̀. Wọn a sì tún fi irú àmì bẹ́ẹ̀ sí àárín orin, bí òkúta tí a rì sí ẹ̀bá ọ̀nà, kí arìnrìn-àjò lè mọ̀ bóyá ó ṣì wà lójú ọ̀nà.

5. Olùṣọ́ ewúrẹ́ àti olùkọ́ tí ó ń kìlọ̀

Ọ̀gá jùlọ nínú iṣẹ́ yìí ni John Koukouzeles, ará Dyrrhachium, tí ó gbé ayé ní òpin ọ̀rúndún kẹtàlá àti ìbẹ̀rẹ̀ ìkẹrìnlá. Ìtàn sọ pé ohùn rẹ̀ mú kí ọba fẹ́ràn rẹ̀ ní ààfin. Ṣùgbọ́n ó sá kúrò níbẹ̀ lọ sí Òkè Athos, ó pe ara rẹ̀ ní darandaran, wọ́n sì fi ewúrẹ́ ilé Lavra Ńlá sí abẹ́ ìtọ́jú rẹ̀. Ní ọjọ́ kan tí ó rò pé kò sí ẹni tí ń gbọ́, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọrin. Àwọn ewúrẹ́ náà dẹ́kun jíjẹ, wọ́n dúró gbọ́ ọ. Báyìí ni àṣírí rẹ̀ tú. Òun ni ó ṣe orin kan fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́, nínú èyí tí ọ̀rọ̀ orin jẹ́ orúkọ àwọn àmì fúnra wọn. Bí ọmọ bá ti ń pe orúkọ àmì, ohùn rẹ̀ ń ṣe ohun tí àmì náà wí. A kò tíì rí ìwé ABD orin tí ó dára ju èyí lọ.

Ní àkókò Koukouzeles, orin wọn gùn, ó sì kún fún ọ̀ṣọ́. Akọrin lè fa sílébù kan fún ìgbà pípẹ́, kí ó sì fi ìró bíi te-re-rem sí i tí kò ní ìtumọ̀. Láti darí irú orin bẹ́ẹ̀, wọ́n ní àwọn àmì ńlá mìíràn, tí a sábà máa ń fi tàdáwà pupa kọ, tí a kì í kà mọ́ ìgbésẹ̀ ohùn. Wọ́n ń sọ bí a ó ti ṣe odindi ìsọ̀rí ohùn kan; ẹni tí ó ti kọ́ ọ lọ́dọ̀ olùkọ́ nìkan ni ó sì mọ ohun tí wọ́n ń wí.

Ọdún márùn-ún lẹ́yìn ìṣubú ìlú náà, ní 1458, Manuel Chrysaphes, tí ó ti jẹ́ ọ̀kan nínú olórí akọrin ọba, kọ ìwé kan láti tako àṣìṣe àwọn akọrin. Ó wí pé àwọn kan rò pé bí ènìyàn bá ti lè ka ìgbésẹ̀ sókè àti sísàlẹ̀, ó ti di akọrin. Ó ní irọ́ ni. Ẹ rò ó wò, ẹ̀yin ará. Ọba ti kú sójú ogun, ilé Ọgbọ́n Mímọ́ ti di mọ́sálásí. Ọkùnrin yìí rí i pé bí òun kò bá kọ ohun tí òun mọ̀ sílẹ̀, ìmọ̀ náà yóò bá ìran òun lọ. Síbẹ̀ ohun tí ó kọ sílẹ̀ ni pé ìwé nìkan kò tó.

6. Àtúnṣe ọdún 1814

Ìjọ àwọn Gíríìkì kò parẹ́ lábẹ́ ìjọba àwọn Tọ́kì, orin wọn kò sì parẹ́. Ṣùgbọ́n bí ọdún ti ń gorí ọdún, àmì pupa àti dúdú náà ṣòro sí i, ọ̀pọ̀ ọdún ni akẹ́kọ̀ọ́ sì ń lò kí ó tó lè dá kọrin. Petros ará Peloponnese, tí ó kú ní 1778, ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ àwọn orin lẹ́sẹẹsẹ ju ti àtijọ́ lọ. Ní 1814, àwọn mẹ́ta kan ní Kọnstantínópù gbé àtúnṣe kalẹ̀: Chrysanthos ará Madytos, Gregory tí í ṣe akọrin, àti Chourmouzios tí a fi ṣe olùtọ́jú ìwé ìjọ. Wọ́n pa ọ̀pọ̀ àmì ńlá tì. Ohun tí àmì náà ti fi pamọ́, wọ́n tú u sílẹ̀, wọ́n kọ ọ́ ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan. Wọ́n fún ohùn méje ní orúkọ láti inú lẹ́tà méje àkọ́kọ́ Gíríìkì: pa, vou, ga, di, ke, zo, ni. Wọ́n ṣe àmì tí ó dájú fún gígùn àti kíkúrú àkókò. Ní 1815 ni a ṣí ilé ẹ̀kọ́ kan níbi tí àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti ń kọ́ni. Ní 1820 sì ni Petros ará Éfésù tẹ ìwé orin wọn àkọ́kọ́ jáde ní Bucharest. Títí di ìgbà náà, ọwọ́ ni a fi ń da gbogbo ìwé orin kọ.

Ohun kan wà tí ó yẹ kí àwọn tí ń tẹ dùùrù nínú wa fi ọkàn sí. Ìgbésẹ̀ orin wọn kì í ṣe ìgbésẹ̀ dùùrù. Ìgbìmọ̀ kan tí ìjọ Kọnstantínópù yàn, tí ó jókòó láti 1881 títí di 1883, pín àkàbà ohùn kan láti ìsàlẹ̀ dé òkè sí ọ̀nà 72. Lórí dùùrù, ìgbésẹ̀ ńlá jẹ́ 12 nínú rẹ̀, ìgbésẹ̀ kékeré jẹ́ 6. Ṣùgbọ́n nínú àkàbà tí àwọn Gíríìkì ń lò jùlọ, oríṣi ìgbésẹ̀ mẹ́ta ni ó wà: ti 12, ti 10 àti ti 8. Kò sí ibi tí ìka lè tẹ̀ lórí dùùrù wa tí yóò mú ti 10 tàbí ti 8 jáde. Àwọn tí ó bá fi dùùrù wọn orin wọ̀nyí yóò wí pé wọ́n ṣì í kọ. Òṣùwọ̀n tí wọ́n mú wá ni kò bá a mu.

7. Èrè, àdánù, àti ẹ̀kọ́ tiwa

Àtúnṣe 1814 mú kí orin náà di ti gbogbo ènìyàn. Síbẹ̀ ìbéèrè kan jáde láti inú rẹ̀. Nígbà tí àwọn mẹ́ta náà tú àmì àtijọ́ sílẹ̀, ìlà kan a máa di ìlà púpọ̀. Ṣé òtítọ́ ni pé ohun tí ó wà nínú àmì láti ìbẹ̀rẹ̀ nìyẹn, àbí ẹnu àwọn akọrin ni ó fi kún un láti ìran dé ìran? Ní 1917, Konstantinos Psachos ní Áténì kọ ìwé láti fi hàn pé ìkékúrú ni àmì àtijọ́, àti pé orin gígùn ni ó dúró fún. Àwọn ọ̀mọ̀wé mìíràn, H. J. W. Tillyard ará Gẹ̀ẹ́sì, Egon Wellesz ará Vienna àti Carsten Høeg ará Denmark, tí wọ́n dá iṣẹ́ títẹ àwọn ìwé orin wọ̀nyí sílẹ̀ ní Copenhagen ní 1931, sọ pé àmì kan, ohùn kan. Ìwé kan náà ni gbogbo wọn ń wò. Àwọn kan rí orin kúkúrú, àwọn kan rí orin gígùn. Títí di òní, àríyànjiyàn náà kò tíì tán. Lọ́dún 2019, àjọ UNESCO ka orin Bísántíọ̀mù mọ́ ogún àwọn ènìyàn ayé, lórúkọ ilẹ̀ Gíríìsì àti Kípírù. Ẹ sì jẹ́ kí ó yé yín pé kì í ṣe ìwé ni wọ́n kà mọ́ ogún, bí kò ṣe orin tí ń bẹ láàyè lẹ́nu àwọn ènìyàn.

Kí ni a rí kọ́? Èkínní, pé àmì kì í ṣe nǹkan kékeré. Gbogbo wa ni a ti kọ orin ìyìn kan rí nínú èyí tí ohùn orin òyìnbó ń gòkè níbi tí ọ̀rọ̀ Yorùbá ń sọ̀kalẹ̀, tí ọ̀rọ̀ sì di ohun mìíràn létí ẹni tí ń gbọ́. T. K. Ekundayo Phillips, tí ó tẹ dùùrù fún ọ̀pọ̀ ọdún ní kàtídírà Christ Church ní Èkó, kọ ìwé lórí orin Yorùbá ní 1953, ó sì fi yé wa pé láti inú ohùn ọ̀rọ̀ ni orin wa ti ń ṣàn jáde. Àwọn ará Bísántíọ̀mù mú àmì ohùn ọ̀rọ̀, wọ́n fi ṣe àmì orin. Àwa ní àmì kan náà lórí ìwé wa, ọ̀pọ̀ nínú wa sì ń kọ̀wé láì fi wọ́n sí i, bí ẹni pé ọ̀ṣọ́ lásán ni wọ́n.

Èkejì, pé àmì nìkan kò tó. Lẹ́tà orin tí ó wà nínú ìwé Oxyrhynchus kò rí olùkọ́ tí yóò máa fi í lé ọmọ lọ́wọ́, ó sì wà nínú erùpẹ̀ fún ọgọ́rọ̀ọ̀rún ọdún. Orin Romanos ní olùkọ́, kò ní àmì. Ọ̀rọ̀ rẹ̀ dé ọ̀dọ̀ wa, ohùn rẹ̀ kò dé. Níbi tí àmì àti olùkọ́ ti pàdé ni orin ti yè.

Nítorí náà, bí ìyá àgbà kan bá wà ní agbolé yín tí ó mọ orin tí àwọn ọmọ kò mọ̀ mọ́, ẹ mú ìwé lọ bá a, kí ẹ sì kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ pẹ̀lú gbogbo àmì ohùn rẹ̀. Lẹ́yìn náà, ẹ pa ìwé náà dé, kí ẹ jókòó tì í, kí ẹ sì bá a gbe orin náà títí ẹnu yín yóò fi mọ̀ ọ́n.